Mo wo The Ministry of Ungentlemanly Warfare: fíìmù yẹn dùn, àmọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an dùn jù ú lọ

Ẹ jẹ́ n tètè sọ tẹnu mi. Fíìmù yìí dùn-ún wò, ẹni tó bá fẹ́ràn ìjà á rí ìjà wò yó, ọ̀rọ̀ ẹnu wọn ń pani lẹ́rìn-ín, ojú òkun tí wọ́n yà síbẹ̀ náà rẹwà gan. Ṣùgbọ́n ìtàn tí wọ́n gbé e lé, ìtàn òótọ́ ni, Èkó níbí làwọn tó ṣe é ti gbéra, Èkó náà ni wọ́n sì kó ohun tí wọ́n jí gbé bọ̀, ó wá ń ká mi lára gan pé èèyàn lè wo fíìmù náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin kó má mọ̀ pé ìlú wa ló gbé iṣẹ́ yẹn pọ̀n. Torí ẹ̀ ni mo ṣe máa sọ ti fíìmù, màá sì sọ ti ìtàn, kí ẹ lè mọ ohun tí ẹ ń wò.

Guy Ritchie ló darí ẹ̀, 2024 ló jáde, inú ìwé Damien Lewis ni wọ́n ti mú un. Ìgbà ogun Hitler ni. Ọkọ̀ abẹ́ omi àwọn Jámánì ń ri àwọn ọkọ̀ tó ń kó oúnjẹ àti ohun ìjà lọ sílùú òyìnbó, nǹkan ti le fún Churchill, olórí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, àwọn èèyàn ẹ̀ kan ti ń sọ fún un pé kó lọ bá Hitler tọrọ àlàáfíà. Ló bá ní kí wọ́n kó àwọn ọkùnrin kan tágídí jọ níkọ̀kọ̀, olórí wọn gan tọwọ́-tọwọ́ ni wọ́n dè é wọlé, ó ní kí wọ́n lọ sí Fernando Po, erékùṣù tó wà lábẹ́ Sípéènì nígbà yẹn, kí wọ́n lọ ri ọkọ̀ Ítálì kan tó ń jẹ́ Duchessa d'Aosta, torí òun ló ń gbé nǹkan táwọn ọkọ̀ abẹ́ omi yẹn fi ń ṣiṣẹ́. Tọ́wọ́ Jámánì bá tẹ̀ wọ́n, ikú ni, tọ́wọ́ sójà Gẹ̀ẹ́sì fúnra ẹ̀ bá tẹ̀ wọ́n, ẹ̀wọ̀n ni. Nígbà tó kù díẹ̀ kí iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ ni wọ́n wá gbọ́ pé wọ́n ti fi irin kún ara ọkọ̀ náà, kò ṣeé rì mọ́, wọ́n ní kò burú, àwọn á kúkú jí i gbé.

Síìnì àkọ́kọ́ nìkan ti tó owó dátà. Ọkọ̀ ẹja kékeré kan wà lójú òkun, ọkọ̀ ogun Jámánì wá dúró tì í, wọ́n gun orí ẹ̀ pẹ̀lú ìbọn, wọ́n bá Henry Cavill àti Alan Ritchson níbẹ̀, wọ́n jókòó, wọ́n ń rẹ́rìn-ín gọ̀gọ̀ bí ẹni pé wọn ò mọ̀ pé wọ́n gbébọn dání, ọ̀gá Jámánì yẹn ń halẹ̀, ó ń jágbe, àwọn yẹn ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́, èmi tí mò ń wò ó ti mọ̀ pé nǹkan máa bẹ́, mi ò kàn mọ ìgbà tó máa bẹ́ ni. Ká sòótọ́, tó bá jẹ́ pé bó ṣe ń lọ níbẹ̀ yẹn ni gbogbo fíìmù náà ṣe lọ, n bá má lẹ́jọ́ kankan rò. Cavill gba ipò Gus March-Phillipps, olórí wọn, dáadáa, ó dá irunmú kan tó lọ́ pọ sí, ayọ̀ wà lójú ẹ̀ ní gbogbo ìgbà tó bá ti gbá ìbọn mú. Ritchson ló ṣe Anders Lassen, ọmọ Denmark, géńdé tó ń fi ọrun àti ọfà jà. Ẹ má rò pé irọ́ ni ti ọfà yẹn o, Lassen tòótọ́ mọ ọfà ta, ó tiẹ̀ kọ̀wé sáwọn ọ̀gá ogun pé kí wọ́n jẹ́ kóun máa lò ó lójú ogun.

Ẹni tó wù mí jù níbẹ̀ ni Babs Olusanmokun, ẹ ti mọ̀ látara orúkọ, ọmọ wa ni, Èkó ni wọ́n bí i sí. Òun ló ṣe Heron, amí tó ní ilé tẹ́tẹ́ ní erékùṣù yẹn, táwọn Jámánì ń wá mutí lọ́dọ̀ ẹ̀ láìmọ̀ pé àwọn ọ̀tá wọn ló ń ṣiṣẹ́ fún. Kì í pariwo. Ó ń rìn láàárín wọn pẹ̀lú kóòtù funfun, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́, ó ń bu ọtí fún wọn, bí ojú ẹ̀ ṣe ń yí kúrò lára èyí bọ́ sára tọ̀hún lẹ ó fi mọ̀ pé ó ń ka iye wọn, ó ń ka ìbọn wọn, ó sì ń wo ẹni tí ọtí ti ń pa. Nígbà tóun àti Marjorie, obìnrin tí Eiza González ṣe, bá wà lójú kan náà, ìgbà yẹn nìkan ni ẹ̀rù bà mí nínú fíìmù yìí, torí ọwọ́ lè tẹ àwọn méjèèjì nígbàkigbà, wọn ò ní ìbọn lọ́wọ́, ẹnu nìkan ni wọ́n ní. Danny Sapani náà gbìyànjú, òun ló ṣe Kambili Kalu tó kó àwọn èèyàn ẹ̀ wá ṣèrànwọ́. Orúkọ Ìgbò tí wọ́n fún un bá ibẹ̀ mu, torí láyé ìgbà yẹn, àwọn Ìgbò àtàwọn ará Calabar pọ̀ rẹpẹtẹ nínú oko kòkó Fernando Po.

Ibi tó ti wá já mi kulẹ̀ nìyí. Àwọn akíkanjú yìí kì í fara gbọgbẹ́. Wọ́n á wọlé, wọ́n á yìnbọn, Jámánì ogún á ṣubú, wọ́n á sọ ọ̀rọ̀ ẹ̀fẹ̀ kan, wọ́n á lọ síbòmíì, Jámánì ogún míì á tún ṣubú. Lassen nìkan pa èèyàn títí mi ò lè kà á mọ́. Tí ẹ̀rù ò bá ti bà ẹ́ fún ẹni tó ń jà, ìjà yẹn ti di ijó nìyẹn, ó lè wuni wò o, àmọ́ àyà ò ní já. Fíìmù ogun tó jẹ́ pé wọ́n yọ́ wọ àárín ọ̀tá, àyà gbọ́dọ̀ máa já níbẹ̀ kẹ̀! Ohun tó sì dùn mí jù níbẹ̀ ni pé wọn ò nílò láti pa ẹnikẹ́ni kó tó dùn, torí àwọn tó ṣe é lóòótọ́ ò pa ẹnì kankan. Ẹyọ kan báyìí. Kò sẹ́ni tó kú.

Ẹ gbọ́ bó ṣe rí gan-an. Orúkọ iṣẹ́ yẹn ni Operation Postmaster. Oṣù kẹfà ọdún 1940 tí Ítálì kó wọ ogun, ọkọ̀ Duchessa d'Aosta sá wọ èbúté Santa Isabel ní Fernando Po, ibi tí wọ́n ń pè ní Malabo lónìí, ó sì há síbẹ̀. Ọkọ̀ Jámánì kékeré méjì wà níbẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀, Likomba àti Bibundi. Sípéènì ò sí nínú ogun, ṣùgbọ́n Franco, olórí wọn, àti Hitler ń ṣe wọléwọ̀de, àwọn Gẹ̀ẹ́sì sì ń bẹ̀rù pé lọ́jọ́ kan, àwọn ọkọ̀ yìí á jáde lọ máa ran ọkọ̀ abẹ́ omi lọ́wọ́ létí ilẹ̀ wa níbí. Àjọ àṣírí kan tí wọ́n ń pè ní SOE, tí Churchill dá sílẹ̀ láti máa ṣe irú iṣẹ́ yìí, ti ní èèyàn ní Èkó. March-Phillipps àtàwọn ọmọ ẹ̀ wọ ọkọ̀ ẹja kan tó ń jẹ́ Maid Honor ní ìlú òyìnbó ní oṣù kẹjọ ọdún 1941, wọ́n gba Freetown kọjá, wọ́n dé Èkó.

Èkó gan ni wàhálà wà. Gómìnà Nàìjíríà nígbà yẹn, Sir Bernard Bourdillon, fara mọ́ ọn, ṣùgbọ́n ọ̀gá pátápátá fáwọn sójà ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, Ọ̀gágun Giffard, ní òun ò gbà, ó ní ó máa da ètò òun rú, ó tiẹ̀ kọ̀ láti yọ̀ǹda èèyàn 17 tí wọ́n ń tọrọ lọ́wọ́ ẹ̀. Wọ́n ń ránṣẹ́ sí London, London ń ránṣẹ́ padà, ó pẹ́ díẹ̀ kí wọ́n tó yanjú ẹ̀. Gómìnà ló wá fún wọn ní ọkọ̀ méjì tó máa ń fa ọkọ̀ ńlá wọ èbúté, Vulcan tó tóbi àti Nuneaton tó kéré, wọ́n sì kó èèyàn 17 jọ ní Èkó, àwọn òyìnbó tó ń ṣiṣẹ́ ìjọba ló pọ̀ jù nínú wọn, pẹ̀lú kọmándò 11 àti èèyàn SOE mẹ́rin, gbogbo wọn wá di 32. Ọjọ́ 11 oṣù kìíní ọdún 1942, wọ́n jáde ní Èkó. Maid Honor tí fíìmù ń gbé kiri yẹn ò tiẹ̀ bá wọn lọ, àwọn ọkọ̀ èbúté wa méjì yìí ló lọ ṣiṣẹ́.

Nígbà tí wọ́n ń bọ̀ lójú omi, ọkùnrin kan ti ń ṣe tiẹ̀ ní Santa Isabel. Richard Lippett lorúkọ ẹ̀, ilé iṣẹ́ John Holt ló ń bá ṣiṣẹ́ níbẹ̀, gbogbo ìlú ló mọ̀ ọ́n sí oníṣòwò, wọn ò mọ̀ pé amí ni. Òun ló gba ẹ̀yìn ṣètò pé kí ará Sípéènì kan gbé oúnjẹ alẹ́ kalẹ̀ fáwọn ọ̀gá inú ọkọ̀ Ítálì àti ti Jámánì, pátì gidi, oúnjẹ, ọtí, ní òru ọjọ́ 14. Ẹ rò ó wò. Àwọn ọ̀gá wà lórílẹ̀, wọ́n ń jẹ, wọ́n ń mu, ọkọ̀ wọn wà lórí omi lọ́wọ́ àwọn ọmọọ̀ṣẹ́, Vulcan àti Nuneaton sì ti pa iná, wọ́n ń rọra yọ́ bọ̀ nínú òkùnkùn.

Wọ́n débẹ̀ bí aago mọ́kànlá ṣe kọjá. Àwọn tó sún mọ́ Likomba, ọkọ̀ àjẹ̀ kékeré ni wọ́n wọ̀, ẹni tó ń ṣọ́ ọkọ̀ bi wọ́n pé ta nìyẹn, wọ́n dá a lóhùn bí ẹni pé ọ̀gá ọkọ̀ ló ń padà bọ̀ látibi pátì, nígbà tí ojú ẹ̀ máa fi là, wọ́n ti wà lórí ọkọ̀, ẹni méjì tó wà níbẹ̀ bẹ́ sómi, wọ́n wẹ̀ lọ. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ Duchessa, wọ́n rí àwọn èèyàn lórí ẹ̀, ẹnì kan tiẹ̀ tan tọ́ọ̀ṣì sí wọn, kò sì sọ̀rọ̀. Wọ́n gorí ẹ̀. Àwọn kan lọ ń kó àwọn òṣìṣẹ́ inú ọkọ̀ jọ, èèyàn 28, àwọn yòókù lọ de bọ́ǹbù mọ́ ṣéènì ìdákọ̀ró. Bọ́ǹbù dún, ṣéènì já, Vulcan bẹ̀rẹ̀ sí í fà, ọkọ̀ ńlá yẹn sì ń tẹ̀ lé e jáde. Ibi tí mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo ẹ̀ nìyí: àwọn sójà Sípéènì tó wà létí omi gbọ́ ìró yẹn, wọ́n rò pé ọkọ̀ òfuurufú ló ń ju bọ́ǹbù, wọ́n bá kọjú ìbọn sókè, wọ́n ń yìn ín sí sánmà tí kò sí nǹkan kan níbẹ̀, ọkọ̀ sì ń lọ nísàlẹ̀. Gbogbo ẹ̀ ò ju bí ìdajì wákàtí lọ.

Ọ̀gá ọkọ̀ Likomba, Captain Specht, ti mu yó níbi pátì, nígbà tó débi omi tí kò rí ọkọ̀ ẹ̀, ọ́fíìsì kọ́ńsùlù Gẹ̀ẹ́sì, aṣojú ìjọba wọn níbẹ̀, ló gbà lọ tààrà, ó ń bi wọ́n pé ọkọ̀ òun dà, ó gbá kọ́ńsùlù lẹ́ṣẹ̀ẹ́, ni wọ́n bá fìyà jẹ ẹ́ níbẹ̀. Ẹ sọ fún mi, dárẹ́kítọ̀ wo ló máa rí síìnì báyìí tó máa ní òun ò fẹ́? Ó wà nínú ìròyìn, kò sí nínú fíìmù.

Ìrìn àbọ̀ náà ò rọrùn. Ẹ́ńjìnnì Nuneaton, tó ń fa Likomba àti Bibundi, ń kú, wọ́n ń tún un ṣe, ó ń kú, títí tí ọkọ̀ akẹ́rù èédú kan láti Nàìjíríà, Ajassa, fi lọ fà á dé Èkó. Ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì kan, HMS Violet, ló yẹ kó wá pàdé Duchessa lójú agbami, kó ṣe bí ẹni pé òun ṣẹ̀ṣẹ̀ mú un níbẹ̀ ni, kí Sípéènì má bàa rí nǹkan sọ, òun náà lọ há sórí yanrìn lójú ọ̀nà, kò tètè dé. Ọjọ́ 21 oṣù kìíní ni Duchessa wọ Èkó. Rédíò Jámánì ń pariwo pé ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì ló wọ èbúté, tó pa àwọn èèyàn inú ọkọ̀, àwọn Gẹ̀ẹ́sì jáde wá sọ pé kò sí ọkọ̀ ogun àwọn kankan nítòsí ibẹ̀, òótọ́ sì ni, torí Vulcan kì í ṣe ọkọ̀ ogun.

Ẹ wá rí ìdí tí inú fi ń bí mi sí ìjà àjàkú yẹn. Sípéènì ò sí nínú ogun. Tí sójà Sípéènì kan ṣoṣo bá kú lóru ọjọ́ yẹn, Franco lè rí àwáwí láti dara pọ̀ mọ́ Hitler, tó bá sì dara pọ̀ mọ́ ọn, Gibraltar, ibùdó ogun Gẹ̀ẹ́sì tó wà létí Sípéènì, lè bọ́ lọ́wọ́ wọn. Ohun tó mú kí iṣẹ́ yẹn ṣòro gan nìyẹn, pé wọ́n gbọ́dọ̀ wọlé, kí wọ́n gbé ọkọ̀ mẹ́ta, kí wọ́n jáde, kí ẹ̀jẹ̀ má sì ta sílẹ̀, kẹ́nikẹ́ni má lè tọ́ka sí wọn pé àwọn ni. Gbogbo ìbẹ̀rù yẹn, gbogbo ọgbọ́n yẹn, fíìmù kó o dà sómi, ó fi ìbọn rọ́pò ẹ̀. Nínú fíìmù, èbúté Sípéènì ń jó, òkú sùn lọ bẹẹrẹ, kò sì sẹ́ni tó bèèrè ohun tí Sípéènì máa sọ lọ́jọ́ kejì. Marjorie Stewart tí wọ́n ní ó lọ síbẹ̀ ò débẹ̀ rárá, òun àti March-Phillipps ṣègbéyàwó ní oṣù kẹrin ọdún yẹn ni. Ìyẹn ò dùn mí púpọ̀, fíìmù lè fi obìnrin kún un, González sì ṣe é dáadáa, àmọ́ Lippett àti pátì ẹ̀ yẹ kó gbayì ju bó ṣe gbà á lọ.

Ti Èkó ńkọ́? Ẹ ò ní rí Marina, ẹ ò ní rí Bourdillon àti Giffard tí wọ́n ń bá ara wọn fà á. Ṣé ẹ mọ irú ìlú tí Èkó jẹ́ nígbà yẹn? Àwọn ìyá wa àgbà ń sọ ọ́, ìjọba ń fi òfin dá iye gààrí lé àwọn ọlọ́jà lọ́wọ́, èbúté kún fún ọkọ̀ ogun, àwọn ọmọ wa ń forúkọ sílẹ̀ bíi sójà, àwọn kan nínú wọn ló padà lọ jagun Bọ́mà. Títí di báyìí àwọn àgbàlagbà kan ṣì ń fi ogun Hitler ka ọjọ́ orí wọn. Dárẹ́kítọ̀ tó bá mọ ohun tó ń ṣe á ti fi ogún ìṣẹ́jú kọ́kọ́ dúró ní Èkó, níbi tí ẹnu ò ti kò, tí wọ́n ń wá èèyàn 17 kiri, kó tó gbé wa lọ sójú omi. Turkey ni wọ́n ti ya fíìmù náà, ní agbègbè Antalya, ó sì hàn. Òkè gbígbẹ, òkúta funfun, omi búlúù tó mọ́ kedere. Santa Isabel kì í ṣe bẹ́ẹ̀, igbó kìjikìji ni, òjò ibẹ̀ pọ̀, òkè ńlá kan wà lẹ́yìn ìlú, èbúté ẹ̀ gan inú ihò òkè ayọnáyèéfín àtijọ́ ló wà. Ẹni tó bá ti dé Calabar rí á mọ̀ pé ewé inú fíìmù yẹn kì í ṣe ewé ọ̀dọ̀ wa.

Ìparí fíìmù, wọ́n gbé àwòrán àwọn tòótọ́ jáde, wọ́n sì kọ díẹ̀ sábẹ́ ẹ̀. Ẹ má tètè pa á o, ẹ dúró kà á. Ọdún 1942 kan náà, ní oṣù kẹsàn-án, ni wọ́n pa March-Phillipps létí òkun Normandy, nígbà tí wọ́n lọ ṣe irú iṣẹ́ yìí míì. Graham Hayes, ẹni tí fíìmù yí orúkọ ẹ̀ sí Henry, sá mọ́ wọn lọ́wọ́ lóru ọjọ́ yẹn, ó dé Sípéènì, wọ́n padà mú un, àwọn Jámánì yìnbọn pa á ní ẹ̀wọ̀n Fresnes ní oṣù keje ọdún 1943. Oṣù yẹn náà ni Geoffrey Appleyard, ọ̀kan nínú wọn, lọ nínú ọkọ̀ òfuurufú ní Sicily, tí wọn ò rí i mọ́. Lassen jà títí di oṣù kẹrin ọdún 1945, ní Comacchio ní Ítálì, ó kú nígbà tó ku nǹkan bí oṣù kan kí ogun parí níbẹ̀, wọ́n fún un ní Victoria Cross, àmì ẹ̀yẹ ìgboyà tó ga jù lọ́dọ̀ Gẹ̀ẹ́sì, lẹ́yìn ikú ẹ̀. Àwọn tí fíìmù fi hàn wá bí ẹni tí ọta ò lè ràn, ikú pa wọn ní kékeré. Mo fẹ́ kí ìyẹn wà nínú fíìmù náà fúnra ẹ̀, kó má jẹ́ ìwé kíkà lẹ́yìn tí orin ti ń lù.

Tí ẹ bá fẹ́ wò ó, orí Prime Video ni mo ti rí i, bíi wákàtí méjì ni. Ẹ tan ọ̀rọ̀ ìsàlẹ̀ yẹn, torí wọ́n ń sọ̀rọ̀ kíá kíá, èdè Jámánì sì pọ̀ nínú ẹ̀. Ẹ má jẹ́ káwọn ọmọdé bá yín wò ó, ẹ̀jẹ̀ ibẹ̀ pọ̀, ẹnu wọn ò sì dáa. Tó bá jẹ́ èmi, nínú márùn-ún, màá fún un ní mẹ́ta, ọ̀kan nínú mẹ́ta yẹn Olusanmokun nìkan ló ni ín. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń ṣe fíìmù ní Èkó, apá Èkó nínú ìtàn yìí ṣì wà nílẹ̀ o, kò sẹ́ni tó tíì fọwọ́ kàn án.